Fóònù Tí Wọ́n Kọ "Ìyálé" Sí

Bí mo bá fẹ́ gbẹ̀san, mi ò kí ń pariwo. Ká ní Mùínátù, ìyàwó ẹ̀gbọ́n ọkọ mi, mọ̀ bẹ́ẹ̀ ni, ì bá ti pa ẹnu rẹ̀ mọ́.

Ilé kan náà la jọ ń gbé ní Pórógun, ní Ìjẹ̀bú-Òde: ọmọ ìyá mẹ́ta, ìyàwó mẹ́ta, ìyá ọkọ wa, àti ráútà kan ṣoṣo ní pálọ̀ tí gbogbo wa ti ń gba ìntánẹ́ẹ̀tì. Iṣẹ́ mi ni kí n máa kọ́ àwọn ọmọ Yorùbá tó wà ní Kánádà ní kéwú lórí fóònù. Kí n ṣáà ti jókòó, Mùínátù á tan fíìmù sórí tirẹ̀, àwòrán mi á sì gan lójú àwọn ọmọ, ẹnu mi á ṣí sílẹ̀ bíi ti ẹja gbígbẹ. Bẹ́ẹ̀ làwọn òbí ṣe ń yọ ọmọ wọn lọ́kọ̀ọ̀kan títí ó fi ku Ayman nìkan. Bàbá rẹ̀ ní òun máa jókòó tì wá lọ́jọ́ Sátidé. Bí ó bá tẹ́ òun lọ́rùn, àwọn ọmọ ẹ̀gbọ́n òun náà á wá. Bí kò bá tẹ́ òun lọ́rùn, ó parí nìyẹn.

Mo lọ bá Mùínátù, mo kúnlẹ̀. "Ìyálé, ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá mi dá fíìmù dúró díẹ̀ lọ́jọ́ Sátidé."

Ó bú sẹ́rìn-ín níwájú ìyá ọkọ wa. "Kéwú inú fóònù! Ṣé inú fóònù náà ni wọ́n ti máa ṣe wòlímọ̀ fún wọn tí wọ́n bá parí ẹ̀?"

Ìyá ọkọ wa rẹ́rìn-ín. Èmi náà rẹ́rìn-ín.

Hanifah, ìyàwó àbúrò ọkọ mi, ló ń bójú tó ráútà. Ó kàwé kọ̀ǹpútà ní yunifásítì Ìjagun. Mo bẹ̀ ẹ́ títí ó fi fún mi ní páásíwọ́ọ̀dù, ó sì kọ́ mi bí wọ́n ṣe ń dín ìntánẹ́ẹ̀tì tó ń lọ sórí fóònù kan kù. Mo ní dátà ni mo fẹ́ máa ṣọ́. Òun fúnra rẹ̀ ló ti kọ orúkọ sí fóònù kọ̀ọ̀kan níbẹ̀.

Lọ́jọ́ Sátidé, bí mo ṣe kírun àlàásárì tán, mo ṣí ojú ìwé ráútà náà lórí fóònù mi. Orúkọ àkọ́kọ́ tí mo rí ni "Ìyálé". Mi ò wo ìsàlẹ̀ mọ́. Ta ni mò ń pè ní ìyálé nílé yìí bí kò ṣe Mùínátù? Adìyẹ dà mí lóògùn nù, èmi náà á fọ́ ọ lẹ́yin. Mo fa ìntánẹ́ẹ̀tì rẹ̀ wálẹ̀ pátápátá. Inú mi dùn dénú egungun. Mo pe Ayman.

Ojú ọmọ náà yọ, ó gan. Ohùn bàbá rẹ̀ ń já: "Àǹtí... a ò gbọ́..." Mo tún pè é, kò wọlé. Nínú yàrá kejì, fíìmù Mùínátù ń lọ geerege.

Mo sáré bá Hanifah, mo rọra sọ fún un pé mo ti dín ti Ìyálé kù o, kò ràn án.

Ó wò mí. "Fóònù tiyín mà nìyẹn. Ṣé ẹ̀yin kọ́ ni mò ń pè ní ìyálé ni? Ìyá Ikhlas ni mo kọ sí tiwọn."

Òótọ́ ni. Ikhlas ni ọmọ Mùínátù, ìyálé sì lèmi náà jẹ́ fún ẹni tó dé lẹ́yìn mi. Fóònù mi ò tiẹ̀ lè ṣí ibi tí mo ti dè é mọ́. Hanifah ń wá kọ̀ǹpútà rẹ̀ tí yóò fi tú u nígbà tí Mùínátù jáde.

"Kí lo ń sáré kiri sí, Ìyàwó?"

Mo ní fóònù mi ò lọ, bàbá ọmọ ń dúró. Ó na tirẹ̀ sí mi, ó yíjú sí ìyá ọkọ wa. "Màmá, ẹ wò ó o. Èmi tí wọ́n ní mò ń jẹ dátà náà ni mo tún ń gbà wọ́n."

Mo kúnlẹ̀, mo gbà á. Ayman ka súrà rẹ̀ dópin láìjá, bàbá rẹ̀ sì ní òun á mú àwọn yòókù wá. Alihamudulilahi. Mo dá fóònù padà, mo dúpẹ́.

"Ṣáà máa rántí pé èmi ni mo gbà ọ́," ni Mùínátù wí. Ó tún yọrí lójú fèrèsé, ó ń ròyìn rẹ̀ fún aládùúgbò.

Hanifah ti tú tèmi. Mo ní kó jẹ́ kí n wo kọ̀ǹpútà náà díẹ̀. Lọ́tẹ̀ yìí, mo ka gbogbo orúkọ wọn látòkè délẹ̀. Mo rí "Ìyá Ikhlas". Mo fà á wálẹ̀.

Kò pẹ́ tí Mùínátù fi ké: "Kí ló ṣe fóònù mi tí kò lọ mọ́?"

Mo lọ bá a, mo kúnlẹ̀ dáadáa. "Ẹ pẹ̀lẹ́, Ìyálé. Nẹ́tíwọ̀kì ni."