A Ti Ń Bọ Ọ́ Kí Ó Tó Dé

Ní òwúrọ̀ ọjọ́ tí ìlú Alíkírà fẹ́ bọ Tímásì fún ìgbà kejì, Tímásì fúnra rẹ̀ sọ̀ kalẹ̀ nínú ọkọ̀ ojú omi kan ní èbúté wa. Ó gbé àpò àlùbọ́sà kọ́ èjìká, ó sì béèrè lọ́wọ́ ẹni tí ó kọ́kọ́ pàdé pé ta ni a ń ṣe ọdún fún.

Ẹni náà ni ó ń fa àgbò dúdú tí a fẹ́ pa. Ó wo Tímásì, ó wo àgbò, ó sì jọ̀wọ́ okùn sílẹ̀. Ó pẹ́ díẹ̀ kí a tó rí àgbò náà mú.

Ní àwọn erékùṣù wa, ìlú tí kò ní akọni dà bí ilé tí kò ní bàbá: ẹni tí ó ń kọjá lọ lásán lè yà wọlé wá bú ọ. Akọni tí mo ń wí kì í ṣe alágbára kan ṣá. Òkú ni, tí àwọn aráàlú nawọ́ sókè fún ní ìpàdé, tí wọ́n sì gbé ga ju òkú yòókù lọ, ṣùgbọ́n tí kò tíì dé ipò òrìṣà. A ń pa ẹran fún un, a ń da ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ sínú ihò, òun náà ń rọ òjò, ó sì ń lé ọ̀tá. Àwọn ará Ípínósì, aládùúgbò wa ní ẹ̀yìn òkè, ní akọni tiwọn láti ìgbà ìwáṣẹ̀. Egungun itan rẹ̀, tí wọ́n tọ́jú sí ojúbọ, gùn tó àjẹ̀ ọkọ̀. Àwọn ọlọ́gbọ́n àárín wa ní egungun ẹja àbùùbùtán ni. Ó lè jẹ́ bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n ẹja náà ń rọ òjò fún wọn, àwa kò sì ní ẹja.

Nígbà tí àwa àti àwọn ará Ípínósì jà lójú omi nítorí ilẹ̀ ìjẹko ewúrẹ́, Tímásì, ọ̀kan nínú àwọn atukọ̀ wa, bọ́ sínú òkun, a kò sì rí òkú rẹ̀. Ní ọjọ́ náà, àwọn tí wọ́n jókòó tì í sọ pé ó dìde láti tọ̀ ni, ìgbì sì gbé e. Nígbà tí yóò fi di ìrọ̀lẹ́, lẹ́nu wọn, ó ti fò sínú omi fúnra rẹ̀. Kí ọjà tó tú lọ́jọ́ kejì, ó ti fò bọ́ sínú ọkọ̀ àwọn ọ̀tá pẹ̀lú àáké. Òjò tí a ti ń wá láti ìgbà pípẹ́ sì rọ̀ ní ọjọ́ kẹta.

Ìgbà náà ni Faínípò, olórí ìgbìmọ̀ ìlú, dìde sọ̀rọ̀. A rán àwọn ènìyàn lọ sí ibi àfọ̀ṣẹ, níbi tí òrìṣà ti ń dá ènìyàn lóhùn, pé kí wọ́n béèrè èwo ni ó dára jù fún wa: kí a bọ Tímásì, tàbí kí a jẹ́ aláìmoore. Àfọ̀ṣẹ ní kí a bọ ọ́. Ìbéèrè tí a bá gbé kalẹ̀ dáadáa kì í ṣòro dáhùn. Ìgbìmọ̀ pàṣẹ pé kí a kọ́ ojúbọ sí gbàgede ìlú, kí oyè àlùfáà rẹ̀ jẹ́ ti ìdílé Faínípò, láti ọwọ́ bàbá sí ọwọ́ ọmọkùnrin títí láé, kí awọ àti itan ẹran sì máa jẹ́ ti àlùfáà. Faínípò kọ́kọ́ kọ̀. Ó kọ̀ fún ìwọ̀n ìgbà tí ènìyàn fi ń mí èémí kan. Kò ní ọmọkùnrin, obìnrin nìkan ni ó bí, ṣùgbọ́n ó ní ọjọ́ ń bọ̀.

A bẹ agbẹ́gilére kan láti òkè òkun. Kò rí Tímásì rí, èyí sì ràn án lọ́wọ́ púpọ̀. Ó gbẹ́ ọkùnrin gíga kan tí àyà rẹ̀ fẹ̀, tí imú rẹ̀ sì gún bí ọ̀bẹ. Tímásì kúrú. Òpó ọkọ̀ ti tẹ imú rẹ̀ pẹrẹsẹ láti ìgbà èwe.

Láti èbúté, Tímásì lọ tààrà sí ilé rẹ̀. Míkà, ìyàwó rẹ̀, ti wọ aṣọ ọdún, nítorí àga iwájú pátápátá ni opó akọni máa ń jókòó sí. Ó yọ sí ẹnu ọ̀nà, ó rí ọkọ rẹ̀, ó sì figbe ta.

“Ẹ dúró níbẹ̀! Ẹ má tẹ ẹnu ọ̀nà yẹn!”

“Míkà, èmi mà ni.”

“Mo mọ̀ pé ẹ̀yin ni. Ta ló tún máa ń gbé àlùbọ́sà wálé bí ẹni gbé wúrà? Ṣùgbọ́n mo ti sin yín. Mo gé irun mi. Mo da wáìnì sórí ibojì òfìfo yín, wáìnì gidi o, kì í ṣe èyí tó ti kan. Òkú tí wọ́n ti ṣe ìsìnkú ẹ̀ kì í gba ẹnu ọ̀nà wọlé. Tẹ́ ẹ bá wọlé báyìí, èérí ikú á bá yín wọlé, kò sì sẹ́ni táá tún jẹ oúnjẹ mi láàárín ìlú yìí.”

“Nígbà wo ni mo wá kú?”

“Ẹ lọ bi ìgbìmọ̀. Àwọn ni wọ́n nawọ́ sókè.”

Tímásì gbé àpò rẹ̀ sílẹ̀. Ó ṣàlàyé pé ọkọ̀ ẹrù kan ni ó yọ òun nínú omi, ó ń lọ sí Íjíbítì, kò sì yà síbì kan. Ó ní oko àlùbọ́sà ni òun ti ń ṣiṣẹ́ títí òun fi rí ọkọ̀ tí ń bọ̀ níhà ọ̀dọ̀ wa.

“Kò sóhun tí mò ń rò níbẹ̀ ju ibùsùn mi lọ,” ni ó wí. “Ibùsùn mi, àti ẹnu ẹ tí kì í dákẹ́.”

Ẹnu náà dákẹ́. Míkà yíjú sí ògiri, ó fi etí aṣọ ọdún nu ojú, ó sì jáde.

“Ó yá, ẹ jẹ́ ká lọ bá wọn. Ẹ má fara kàn mí o. Ẹ máa tẹ̀ lé mi lẹ́yìn, bí òkú gidi.”

Inú ilé ìgbìmọ̀ ni wọ́n ti bá Faínípò, ó dé adé ewé sórí. Ojú rẹ̀ kò fi ìdùnnú hàn. Àwọn aṣojú Ípínósì ti wà ní gbàgede, wọ́n ń jẹ ọ̀pọ̀tọ́ wa, wọ́n ń dúró de ètùtù. A ti pè wọ́n kí wọ́n wá wo bí ìlú tí ó ní akọni ṣe ń ṣe.

“Tímásì,” ni Faínípò wí jẹ́jẹ́, “ṣé o mọ oore tó o ṣe fún ìlú yìí?”

“Kí ni mo ṣe, bàbá?”

“O kú dáadáa. Kí ló wá dé tó o fẹ́ bà á jẹ́?”

“Ẹ forí jì mí, bàbá. N ò mọ̀ pé mo kú.”

Àgbàlagbà kan nínú ìgbìmọ̀, tí ó gba ọ̀rọ̀ àwọn akọni gbọ́ tọkàntọkàn, sún mọ́ ọn. “Ẹ jọ̀ọ́, akọni, nígbà tá a da ẹ̀jẹ̀ àgbò sílẹ̀ fún yín lọ́dún tó kọjá, ṣé ẹ gbádùn ẹ̀?”

“Ìgbẹ́ gbuuru ló ń yọ mí lẹ́nu lọ́dún tó kọjá,” ni Tímásì dáhùn.

Àgbàlagbà náà mi orí, bí ẹni tí ó ti rí àlàyé ọ̀rọ̀ náà.

Faínípò dábàá pé kí ọkọ̀ ojú omi tí ó gbé akọni wá tún gbé e padà sí ibi tí ó ti wá, ní ìdákẹ́jẹ́, pẹ̀lú ọ̀wọ̀ tí ó tọ́ sí i. “Tí àwọn ará Ípínósì bá gbọ́ pé alààyè là ń bọ, ọmọ-ọmọ wọn á fi wá kọrin. A óò máa bọ ọ́ níbikíbi tó o bá wà. Kí lo tún ń fẹ́?”

“Mi ò fẹ́ kí ẹnì kankan bọ mí. Ilé mi ni mo fẹ́ wọ̀, kí n sùn.”

Ẹnì kan, tí n kò ní dárúkọ nítorí pé ó ṣì ń wá oyè, wá sọ pé ọ̀nà tí ó rọrùn jù lọ ni kí akọni kú lóòótọ́, kí àṣẹ ìgbìmọ̀ àti ohun tí ó ṣẹlẹ̀ lè bára mu. Kò sí ẹni tí ó gbè é. Ṣùgbọ́n kò sí ẹni tí ó bá a wí pẹ̀lú, àwọn méjì kan sì ń wo ọ̀bẹ ètùtù tí ó wà lórí tábìlì. Míkà rí ibi tí ojú wọn lọ. Ó sáré jáde, ó sì fa Ìyá Nánnò wọlé, arúgbó agbẹ̀bí tí ó gbẹ̀bí ìdajì ìgbìmọ̀ náà, tí kò sì bẹ̀rù ẹnì kankan nínú wọn.

“Kí lẹ̀ ń pariwo lé lórí?” ni Ìyá Nánnò bi wọ́n. “Ṣé ẹ ò mọ òfin àwọn baba yín ni? Ẹni tá a ti sin, tó bá padà wá, a ó tún un bí ni. Obìnrin á bí i, wọ́n á wẹ̀ ẹ́, wọ́n á fi ọ̀já wé e, wọ́n á fún un lọ́mú. Ó parí. Á wọlé ẹ̀.”

Faínípò kọ́kọ́ bojú jẹ́. Nígbà tí ó yá, ojú náà ń tàn díẹ̀díẹ̀, bí àtùpà tí a ń rọ epo sí.

“Ọmọ tuntun,” ni ó wí. “Ẹ gbọ́ ohun tí màmá sọ. Ọmọ tuntun! Tímásì kú, kò ní jí mọ́, ojúbọ ẹ̀ wà níbẹ̀. Ẹlòmíràn ló ń wọlé, pẹ̀lú orúkọ mìíràn.” Ó yíjú sí Tímásì. “Mú ọ̀kan: orúkọ ẹ tàbí ilé ẹ.”

Ènìyàn wà tí yóò fi ilé méje sílẹ̀ nítorí irú orúkọ bẹ́ẹ̀. Tímásì wo ìyàwó rẹ̀.

“Ṣé ìwọ náà wà nínú ilé yẹn?”

“Ibo ni mo fẹ́ lọ?” ni Míkà dáhùn. “Ṣùgbọ́n ẹ gbọ́ o, ẹ̀yin àgbà: ẹni tó bá wù ú kó bí i, èmi kọ́. Tí mo bá bí i, ọmọ mi ni. Ta ni màá wá máa bá sùn?”

“Èmi ni màá bí i,” ni Ìyá Nánnò wí. “Mo ti bí méje, ìkẹjọ ò ní pa mí. Ẹ ṣáà sọ fún un kó má ta mí nípàá.”

Ó ku ẹni tí yóò gbé ọmọ yí ojú ààrò ilé ìgbìmọ̀ ká, bí a ti ń ṣe fún gbogbo ọmọ tuntun, tí yóò sì sọ ọ́ lórúkọ. Faínípò kò jẹ́ kí ẹlòmíràn lanu. Ó ní òun ni. Ó ń bẹ̀rù pé òmùgọ̀ kan lè gbàgbé, kí ó pe ọmọ ní Tímásì.

A kò fi àkókò ṣòfò. Àwọn obìnrin ti ọkùnrin náà sábẹ́ aṣọ Ìyá Nánnò, ìyá rọbí bí ó ti yẹ, wọ́n sì fa ọmọ jáde láti ibi ẹsẹ̀, nítorí pé ẹsẹ̀ ni ó kọ́kọ́ bọ́ sí wọn lọ́wọ́. Wọ́n wẹ̀ ẹ́, wọ́n fi òróró pa á lára, wọ́n sì fi ọ̀já wé e láti ọrùn dé orúnkún, ibi tí ọ̀já tán sí. Wọ́n ní kí ó ké. Ó ké, kò sì tètè dákẹ́. N kò rò pé omi gbígbóná nìkan ni ó fà á. Abiyamọ kan di ojú, ó sì fún un lọ́mú. Míkà káwọ́ gbera, ó ń wò wọ́n.

“Ó tó bẹ́ẹ̀,” ni ó wí. “Ó ti yó.”

Faínípò gbé ọmọ náà. Ọkùnrin tẹ́ẹ́rẹ́ ni Faínípò, oko àlùbọ́sà sì ti mú kí ọmọ náà sanra. Nígbà tí wọ́n dé ìdajì ojú ààrò, a gbọ́ ohun kan tí ó ró kọ̀ nínú egungun ẹ̀yìn bàbá náà, ṣùgbọ́n kò sọ ọmọ sílẹ̀. Igbe tí ó ta ni ó pe àwọn aṣojú Ípínósì wọlé.

“Mo sọ ọ́ ní Símò!” ni Faínípò ń wí, ó ń mí hẹlẹhẹlẹ. Orúkọ tí a ń sọ ẹni tí imú rẹ̀ tẹ́ ni. Inú rẹ̀ dùn sí i.

“Ta nìyí?” ni àgbà àwọn aṣojú béèrè.

“Atukọ̀ kan báyìí. A rò pé ó ti rì sómi, la ṣe tún un bí,” ni Faínípò dáhùn.

Aṣojú náà wo ọmọ, ó gba ojú fèrèsé wo ère Tímásì ní gbàgede, ó sì tún wo ọmọ. “Kò jọ ẹnì kankan tí mo mọ̀,” ni ó wí. Kí ọ̀run bùkún agbẹ́gilére wa. “Ta wá ni bàbá ẹ̀?”

“Ẹ̀yin náà ẹ wò ó,” ni Ìyá Nánnò wí, ó ń tún gèlè rẹ̀ wé. “Ẹni tó gbé ọmọ yí ojú ààrò ká, tó sọ ọ́ lórúkọ lójú ẹlẹ́rìí, ṣé òun kọ́ ni bàbá ẹ̀? Àbí bó ṣe rí nílùú tiyín kọ́ nìyẹn?”

“Bó ṣe rí náà nìyẹn.”

“Ó dáa. Faínípò, ẹ kú ewu ọmọ o. Ọkùnrin ni.”

Faínípò la ẹnu. Bí yóò bá sẹ́ ọmọ náà, ó ní láti sọ ẹni tí ọmọ náà jẹ́. Ó pa ẹnu dé. Gbogbo ìgbìmọ̀, tí wọ́n mọ àṣẹ oyè àlùfáà dunjú, títí kan ibi tí ó ti sọ pé láti ọwọ́ bàbá sí ọwọ́ ọmọkùnrin, bojú wo ilẹ̀.

“Ọmọ yìí ti ní irùngbọ̀n,” ni aṣojú Ípínósì wí.

“Ìdílé wa ni wọ́n ti máa ń tètè hù ú,” ni Faínípò dáhùn.

Ní ọ̀sán ọjọ́ náà, nígbà tí a pa àgbò tán fún Tímásì, Míkà ṣí ilẹ̀kùn ilé rẹ̀ gbayawu. Símò dúró níwájú rẹ̀ pẹ̀lú ọ̀já tí ó ń wọ́ nílẹ̀.

“Wọlé, ọmọ kékeré,” ni ó wí. “Àlùbọ́sà ti wà lórí iná.”

Wọ́n tún ìgbéyàwó ṣe kí oṣù tó parí, Faínípò sì pèsè ẹran, gẹ́gẹ́ bí bàbá ọkọ. Ẹ̀yìn rẹ̀ kò sàn. Nígbà tí ọdún pé, kò lè tẹ̀ba mọ́ láti da ẹ̀jẹ̀ sínú ihò, oyè àlùfáà sì bọ́ sí ọwọ́ ọmọkùnrin rẹ̀ kan ṣoṣo, bí ìlú ti pàṣẹ. Símò da ẹ̀jẹ̀ fún Tímásì. Ó yin Tímásì, ó ka iṣẹ́ akin Tímásì lẹ́sẹẹsẹ títí dé orí àáké, ó sì gba awọ àti itan ẹran tí ó tọ́ sí i. Opó akọni wà lórí àga iwájú, ó ń sunkún bí ó ti yẹ. Lẹ́yìn náà ni ó dìde, ó sì bá àlùfáà gbé itan ẹran.

Àwọn ará Ípínósì tún wá. Àgbà wọn sún mọ́ àlùfáà, ó bi í tìṣọ́ratìṣọ́ra, bí ẹni tí ìlara ń ṣe, bóyá akọni wa ń gbọ́ àdúrà lóòótọ́.

“Gbogbo ẹ̀ ló ń gbọ́,” ni Símò wí, ó ń nu ọ̀bẹ. “Kò kàn sóhun tó lè ṣe sí i ni.”