Àwọ̀ Pupa Lórí Òpópónà Àǹtí

Ọjọ́ kan péré ni ìròyìn náà fi pẹ́, ṣùgbọ́n ọjọ́ kan yẹn ló ba gbogbo nǹkan jẹ́. Orí fóònù ló gbà dé, láti ẹnu ọlọ́pàá obìnrin tó máa ń jókòó sídìí kọ́ńtà ní àgọ́ ọlọ́pàá.

"Ẹ má bínú pé ó pẹ́ o," ni ó wí, ohùn rẹ̀ tutù pẹ̀sẹ̀. "Ẹ ní kí ló dé tí olè fi pọ̀ tó báyẹn ní òpópónà wa. Olè kankan ò sí níbí. Ẹni tí wọ́n bá jí fóònù rẹ̀, tí kò mọ ibi tí wọ́n ti jí i, kọ̀ǹpútà ò ní gbà kí n fi àyè àdírẹ́sì sílẹ̀ lófìfo. Ni mo bá máa ń fi àdírẹ́sì àgọ́ wa sí i."

"Gbogbo wọn?"

"Ta ló ń mọ ibi tí wọ́n ti yọ fóònù lápò òun? Tó bá mọ̀, ṣé wọ́n á rí i yọ ni?"

Ọmọbìnrin tó gba ìpè náà gbé fóònù sílẹ̀ jẹ́jẹ́, bí ẹni tó ń tẹ́ ọmọ tó ṣẹ̀ṣẹ̀ sùn.

Oníṣirò ni wọ́n ń pè é ní ibi iṣẹ́ rẹ̀, ọ́fíìsì kan tí iṣẹ́ wọn kò ju kí wọ́n máa ka ìwà ọ̀daràn: ta ni wọ́n jà lólè, ta ni wọ́n mú, ẹjọ́ wo ló dé kóòtù, èwo ló sùn lọ lójú ọ̀nà. Tirẹ̀ ni láti sọ iye di àwọ̀ lórí máàpù. Ibi tí olè ò ti pọ̀, á kùn ún ní àwọ̀ ìyeyè. Ibi tí wọ́n ti pọ̀, pupa. Ó fẹ́ràn iṣẹ́ náà ju bó ṣe yẹ lọ. Lọ́sẹ̀ tó kọjá, nígbà tó kun òpópónà kan ní pupa fòò láàárín gbogbo ìyeyè, ó sún sẹ́yìn, ó gbé orí sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, ó ní ó dà bí òdòdó tí ọmọge fi há etí.

Òpópónà yẹn gan-an, tí àgọ́ ọlọ́pàá wà, lòun náà ń gbé, nílé àbúrò ìyá rẹ̀ tó tọ́ ọ dàgbà. Aránṣọ ni Àǹtí, abẹ́rẹ́ kan ò sì sọnù rí ní òpópónà náà àfi èyí tí Àǹtí bá gbàgbé sínú aṣọ oníbàárà. Ó ya Oníṣirò lẹ́nu, ó sì ránṣẹ́ béèrè ní àgọ́ ọlọ́pàá. Ṣùgbọ́n àwọn oníwèé ìròyìn ń dúró, Ọ̀gá ń kán an lójú, òdòdó náà sì rẹwà. Kò dúró gbọ́ èsì. Àná ni máàpù náà jáde.

"Kí ló dé tí ojú ẹ rí báyẹn?" Ẹni tó bi í ni ọkùnrin tí wọ́n jọ ń lo tábìlì, tí gbogbo ọ́fíìsì ń pè ní Ìdá-Ọgọ́rùn-ún, nítorí kò lè sọ pé òjò ń bọ̀ láìsọ ìdá mélòó nínú ọgọ́rùn-ún tó dá a lójú.

Ó ṣàlàyé fún un. Ọkùnrin náà fọwọ́ bo ẹnu.

"Ìdá àádọ́rùn-ún ni pé Ọ̀gá máa pa ẹ́."

"Ìdá mẹ́wàá tó kù ńkọ́?"

"Á kọ́kọ́ mu tíì ná."

Tíì ni Ọ̀gá ń mu lóòótọ́. Ó gbọ́ ọ̀rọ̀ náà dópin, ó wo inú ife bí ẹni pé ìdáhùn wà ní ìsàlẹ̀ rẹ̀.

"Ìjọba ìbílẹ̀ ti ka ìwé ìròyìn," ni ó wí. "Àwọn òpó iná tí wọ́n fẹ́ rì sí ọ̀nà àbùjá ẹ̀yìn ibùdókọ̀, wọ́n ti ní kí wọ́n kó wọn lọ sí òpópónà tìẹ. Ọ̀sán ọ̀la ni ọkọ̀ wọn á gbéra. Ìwọ lo ya máàpù. Tó o bá máa ní kò tọ̀nà, kọ ọ́, kó o sì fọwọ́ ara ẹ sí i kí ọkọ̀ tó gbéra. Tó o bá sì fẹ́, jẹ́ kí àtúnṣe rẹ̀ dúró di ìròyìn ọdún tó ń bọ̀."

"Ọ̀gá, kí lẹ̀yin rò sí i?"

"Mo rò pé tíì yìí ti tutù."

Oníṣirò padà sídìí kọ̀ǹpútà. Ó yọ gbogbo olè tí ẹnikẹ́ni ò mọ ibi tó ti jà kúrò. Ohun tó kù sí òpópónà Àǹtí ni bàtà kan, ajá ló sì gbé e. Pupa fò kúrò níbẹ̀, ó balẹ̀ sí ọ̀nà àbùjá ẹ̀yìn ibùdókọ̀, níbi tí àwọn nọ́ọ̀sì máa ń gbà lọ sílé nírọ̀lẹ́. Kò sí ọ̀kan nínú wọn tí kò mọ ibi tó ti ṣẹlẹ̀. Ẹni tí wọ́n fa báàgì ya lọ́rùn ẹ̀ kì í gbàgbé ibẹ̀. Ọ̀kan nínú wọn ní òun ò wá báàgì, kí wọ́n ṣáà bá òun wá bàtà òun rí, ẹsẹ̀ lásán lòun fi sáré délé.

Nígbà tí iṣẹ́ parí, ó kọrí sílé. Lánàá, Àǹtí ti gbaná jẹ: nítorí ohun tí wọ́n kà nínú ìwé ìròyìn, oníbàárà méjì ló wá gba aṣọ tí kò tíì rán padà. Baba apárí tó ń gbé ní òdìkejì ra ajá tí yóò máa ṣọ́ ilé rẹ̀, ó sì fi ṣéènì méjì dè é, kí wọ́n má bàa jí ajá náà gbé.

Ṣùgbọ́n lónìí, ẹ̀rín ló bá lẹ́nu Àǹtí.

"Ọmọ mi, wá wò ó! Wọ́n ti wá wọn ilẹ̀ òpó iná! Ọ̀kan máa wà níwájú ẹnu ọ̀nà mi gan-an. A bẹ̀ wọ́n títí, wọn ò dá wa lóhùn. Àṣé ká ṣáà di olè ni!"

"Àǹtí..."

"Mi ò tún ní já sí gọ́tà mọ́ láyé mi." Ó gbé ọwọ́ ọ̀tún sókè, ọwọ́ tó kán lọ́dún tó kọjá nínú òkùnkùn, tó ṣì máa ń ro ó bó bá ń gé aṣọ.

Oníṣirò jókòó sórí àpótí, ó sì sọ gbogbo rẹ̀. Àǹtí yọ píìnì lẹ́nu lọ́kọ̀ọ̀kan, ó ń fi wọ́n gún ìrọ̀rí.

"Ta ló mọ̀?"

"Èmi, Ọ̀gá, ọlọ́pàá yẹn, àti Ìdá-Ọgọ́rùn-ún."

"Ìyẹn ò pọ̀."

"Ẹ̀yin náà ti mọ̀ báyìí."

"Èmi? Mi ò gbọ́ nǹkan kan o." Àǹtí ronú díẹ̀, ojú rẹ̀ tàn. "Tó bá jẹ́ olè ni wọ́n ń wá, ṣé a ò lè ja ara wa lólè ni? Màá jí ajá Baba apárí, òun náà á jí àlùmọ́gàjí mi. Àá jọ lọ fẹjọ́ sùn. Títí dọ̀sán ọ̀la, a ti pupa padà."

Ẹ̀rín pa Oníṣirò títí omi fi bọ́ lójú rẹ̀. Ní òdìkejì, ajá gbó bí ẹni tó gbọ́ ohun tí wọ́n ń dá lábàá. Àǹtí náà rẹ́rìn-ín, àmọ́ ẹ̀rín tirẹ̀ kò pẹ́. Ó na ọwọ́ náà sí i.

"Ọwọ́ yìí wá ńkọ́?"

Oníṣirò gba ọwọ́ náà, ó fi àtàǹpàkò ra ọrùn ọwọ́ níbi tí egungun ti wú díẹ̀. Ọwọ́ yìí ló rán gbogbo aṣọ ilé ìwé rẹ̀. Ó fẹ́ iná níwájú ẹnu ọ̀nà yẹn ju Àǹtí gan-an lọ; ó tiẹ̀ ti ń rí i lójú inú, Àǹtí lórí àga níta, ìmọ́lẹ̀ lórí aṣọ tó wà lẹ́sẹ̀ rẹ̀. Lẹ́yìn náà ló rí ọ̀nà àbùjá, ẹnìkan ń fi ẹsẹ̀ lásán sáré níbẹ̀.

Kò fi ọwọ́ náà sílẹ̀.

"Àǹtí, ẹ lè bínú sí mi. Láàárọ̀ ọ̀la, kí ọkọ̀ yẹn tó gbéra, mo máa fọwọ́ sí i pé máàpù mi ò tọ̀nà. Ọ̀nà àbùjá ló ni iná yẹn. Títí wọ́n á fi fún wa ní tiwa, èmi ni màá máa di ọwọ́ yín mú tí ilẹ̀ bá ti ṣú."