Màmá Ṣáínà Lọ Sílé Àna

"Òsì, Mọ́mì! Ọwọ́ òsì ni kẹ́ ẹ nà sí bàbá!" Quadri, olùdarí fíìmù, tún pariwo láti ẹ̀yìn kámẹ́rà.

Michiko na ọwọ́ òsì sí àgbàlagbà tó ń ṣe bàbá ọkọ rẹ̀ nínú eré. Gbogbo àwọn tó wà níbẹ̀, nínú ilé kan tí wọn kò tíì kọ́ parí ní Lakowe, fẹ́rẹ̀ẹ́ fi ẹ̀rín pa ara wọn. Ẹ̀rín òpònú! Fíìmù kẹrìnlá rèé tó ti ń ṣe ìyàwó Ṣáínà tí kò mọ̀wàáhù, bẹ́ẹ̀ Jàpáàn ni wọ́n bí i sí. Nígbà tó kọ́kọ́ sọ ọ́, Quadri dáhùn pé, "Mọ́mì, ta ló mọ ìyàtọ̀?" Láti ọjọ́ náà ni ọmọkùnrin yẹn ti kéré lójú rẹ̀ ju èèrà lọ.

Ó ti lé lọ́dún mẹ́tàdínlọ́gbọ̀n tó ti ń gbé ní Jakande. Ìyá ọkọ rẹ̀ ló kọ́ ọ bí wọ́n ṣe ń kúnlẹ̀ kí àgbà, kò sì fi ìkúnlẹ̀ du ìyá náà títí ó fi kú. Wọ́n ní orúkọ rere sàn ju wúrà àti fàdákà lọ, àmọ́ nígbà tí ọkọ rẹ̀ kú, orúkọ rere kọ́ ló rán Akóredé, ọmọ rẹ̀ kan ṣoṣo, níléèwé. Màmá Ṣáínà, orúkọ tí wọ́n mọ̀ ọ́n sí nínú fíìmù, ni.

Nírọ̀lẹ́ náà, Akóredé wá fi ọkọ̀ gbé e lọ sí Ìkàtẹ́, kó lọ kí àwọn òbí Tolúwani, ọmọbìnrin tó fẹ́ gbé níyàwó. Nínú ọkọ̀, Michiko nu àtíkè ojú rẹ̀ kúrò. Ẹ̀ẹ̀kan péré ni ó ń fẹ́, kí àwọn kan rí òun bí ìyá ọmọ.

Alàgbà Clement, bàbá Tolúwani, jókòó sí pálọ̀ nínú sùtánà funfun. Michiko bọ́ bàtà lẹ́nu ọ̀nà, ó kúnlẹ̀ lórí eékún méjèèjì.

"Ẹ kú ìrọ̀lẹ́, sà. Ẹ kúulé o."

Ni gbogbo ilé bá bú sẹ́rìn-ín.

"Wọ́n ti bẹ̀rẹ̀ eré!" Ìyá Tolúwani ti na fóònù sókè. "Màmá Ṣáínà, ẹ ṣe èyí tẹ́ ẹ máa ń ṣe gan-an fún wa!"

Alàgbà, àgbà ṣọ́ọ̀ṣì, na ọwọ́ òsì sí i, ó ń rẹ́rìn-ín kèékèé.

Ó ṣe Michiko bíi kó tutọ́ sílẹ̀. Irú àwọn wọ̀nyí náà ni yóò wá pè é ní aláìmọ̀wàáhù! Kò dìde. Ó ń retí kí Akóredé sọ̀rọ̀, kó kàn ní ìyá òun nìyí.

Akóredé bẹ̀rẹ̀ sétí rẹ̀, ẹ̀rín kò jẹ́ kí ọ̀rọ̀ ẹnu rẹ̀ já geere.

"Mọ́mì, ẹ jọ̀ọ́, ẹ ṣe é fún wọn. Mo ti sọ fún wọn pé ẹ máa ṣe é."

Michiko wo ojú ọmọ rẹ̀ títí. Kì í ṣe òun ni Akóredé mú wá kí àna.

Orí ìkúnlẹ̀ ló ṣì wà nígbà tó na ọwọ́ òsì.