Ojú Bàbá Nínú Fíìmù

Bí Sururat bá wọlé Màmá Ornella ní Cedar Hill láràárọ̀, á ti wà lórí ìkúnlẹ̀ kó tó gbé báàgì sílẹ̀. "Ẹ káàárọ̀, Màmá." Arúgbó ará Ítálì náà á sì rẹ́rìn-ín. Nọ́ọ̀sì wo ló ń kúnlẹ̀ ní Amẹ́ríkà? Ẹ jọ̀ọ́, ẹ̀kọ́ ilé kì í ṣe ẹrù tí wọ́n ń gbà lọ́wọ́ ẹni ní éápọ́ọ̀tù.

Ojú Màmá ti ń lọ, ohun kan ṣoṣo ló sì ń fẹ́: kó rí ojú bàbá rẹ̀ kí tirẹ̀ tó fọ́ pátápátá. Wọn ò tíì bí i nígbà tí bàbá náà kú, iná sì ti jó gbogbo fọ́tò.

Ettore Vanzolo ni bàbá ń jẹ́. Akólòlò ni, káfíńtà níbi tí wọ́n ti ń ya fíìmù ní ìlú Tùrín ní Ítálì, nígbà tí fíìmù ò tíì ní ohùn. Lọ́jọ́ kan òṣèré kan ò wá, ni wọ́n bá lẹ irùngbọ̀n mọ́ ọn lágbọ̀n. Ni ìràwọ̀ rẹ̀ bá yọ! Ó jọba, ó jalè, ó kú sójú ogun, òǹwòran sunkún. Àfìgbà tí fíìmù bẹ̀rẹ̀ sí í sọ̀rọ̀, tí ahọ́n rẹ̀ kọ̀ jálẹ̀. Ìdí pákó ló padà sí, ó ṣeni láàánú.

Khalid, ọkọ Sururat, ló wá fíìmù rẹ̀ kan rí lórí íńtánẹ́ẹ̀tì. Lọ́sàn-án Sátidé, wọ́n fa kọ́tìnnì Màmá, wọ́n tan tẹlifíṣọ̀n. Ìmọ́lẹ̀ funfun ń mì lára ògiri bí ẹni pé abẹ́ omi ni wọ́n wà. Ọba kan ń rìn bọ̀, jẹ́jẹ́, láìsí ìró ẹsẹ̀.

"Irùngbọ̀n nìkan ni mò ń rí," Màmá wí, omijé bọ́. "Ojú rẹ̀ dà?"

Eré sì ti parí.

Àṣé nínú àwọn fíìmù ìgbà yẹn kan, òṣèré máa ń padà jáde wá kí òǹwòran lẹ́yìn eré. Ọba náà padà sójú tẹlifíṣọ̀n, ó ṣí irùngbọ̀n kúrò, ó tẹjú mọ́ wọn. Àgbà wọlé! Orúnkún Sururat ti kanlẹ̀ kó tó ronú. "Ẹ káàsán, sà!"

Khalid bú sẹ́rìn-ín. "Sururat, òkú lò ń kí!"

Ojú tì í. Ṣùgbọ́n ọkùnrin náà gbé ọwọ́ lé àyà, ó tẹrí ba.

"Ta lò ń kí?" Màmá bèèrè.

"Bàbá yín ni, Màmá. Ó ti yọ irùngbọ̀n. Ó ń dá wa lóhùn."

Ẹ̀rín kú lẹ́nu Khalid, ó dá àwòrán náà dúró. Wọ́n mú Màmá sún mọ́ ọn títí imú rẹ̀ fi fẹ́rẹ̀ẹ́ kan gíláàsì. Ó wò ó, ó wò ó. Lẹ́yìn náà ó di ọwọ́ Sururat mú, ó tẹ orúnkún rẹ̀ tó ti gan ba, ó sì fi èdè tó ń gbọ́ láràárọ̀ kí i.

"Ẹ káàárọ̀, Bàbá."

Ọ̀sán ti pọ́n, ṣùgbọ́n kò sẹ́ni tó tún un ṣe fún un.