Ìsìnkú Bàbá Stoimen

Èmi ni mo kọ fíìmù náà. Èmi ni mo darí rẹ̀, èmi ni mo gbé kámẹ́rà, èmi ni mo rán aṣọ, èmi náà ni mo se ẹ̀wà tí àwọn òṣèré jẹ. Àwọn aṣefíìmù tó ń gba owó ìjọba ní Sofia, olú ìlú wa, a máa bi mí pé iṣẹ́ wo gan-an ni mò ń ṣe. Mo dá wọn lóhùn pé iṣẹ́ tí ẹ̀yin èèyàn mẹ́fà ń pín ṣe tí kò sì parí ni.

Ó ku ìran kan: ìsìnkú. Kámẹ́rà tí mo yá gbọ́dọ̀ padà lọ́jọ́ kejì, mo sì nílò èrò tí yóò sunkún. Abúlé wa kọ̀. Wọ́n ní àwọn kì í sunkún ẹni tí kò kú. Bàbá Stoimen, ẹ̀gbọ́n ìyá mi, nìkan ló gbà láti ṣe òkú, torí iṣẹ́ náà kò ju ìdùbúlẹ̀ lọ, ó sì ti fi ogún ọdún kọ́ ọ.

Mo tẹ ìwé ìkéde òkú, irú èyí tí a máa ń lẹ̀ mọ́ òpó iná, mo sì lẹ̀ ẹ́ síta kí n lè yà á sínú fíìmù. Orúkọ òkú inú fíìmù ni mo kọ sí i, àwòrán Bàbá ni mo fi sí i. Mo gbàgbé pé ẹnikẹ́ni kì í ka ìwé òkú lábúlé wa. Wọ́n á wo àwòrán, wọ́n á fọwọ́ ṣe àmì àgbélébùú, wọ́n á lọ bọ àlìkámà tí a máa ń gbé lọ síbi òkú.

Nígbà tí ilẹ̀ mọ́, Bàbá ti wà nínú pósí, pẹ̀lú páódà lójú. Ilẹ̀kùn ṣí. Àwọn ará abúlé, tí wọ́n rò pé Bàbá ti kú lóòótọ́, ń wọlé lọ́wọ̀ọ̀wọ́, àlìkámà bíbọ̀ tí wọ́n bu ṣúgà lé lọ́wọ́, wáìnì pupa lọ́wọ́. Ó yẹ kí n sọ òtítọ́. Mo tan kámẹ́rà. Nígbà tí wọ́n béèrè, mo ní ti ìrántí ni.

Gancho, ọ̀tá Bàbá tó múlé tì í, jẹ́wọ́ létí pósí pé òun ló fún ajá Bàbá ní májèlé. Ìpéǹpéjú Bàbá ń gbọ̀n. Bó bá lajú, fíìmù mi kú nìyẹn. Ó mú un mọ́ra.

Mitra ló kàn, opó ìsàlẹ̀ odò tó kọ̀ láti fẹ́ Bàbá nígbà èwe wọn. Ó gbé òdòdó lé e láyà. "Òmùgọ̀ ni ọ́, Stoimen. Ṣé o ò lè béèrè lẹ́ẹ̀kan sí i ni?"

Òkú kò lajú. Ó ní, "Mo tún ń béèrè báyìí."

Mitra da wáìnì lé e lórí. Gancho ti gba ojú fèrèsé lọ. Olùdarí inú mi ń pariwo pé ìsìnkú ti bàjẹ́. Òǹkọ̀wé inú mi ní kó panu mọ́, pé ìgbéyàwó ni yóò parí fíìmù yìí.

Mitra lé mi dé ẹnu ọ̀nà pẹ̀lú ìgò. "Ọmọ burúkú, gbé kámẹ́rà yẹn wá kí n fọ́ ọ."

"Ẹ kọ́kọ́ wò ó, Ìyá Mitra."

Ó wo ohun tí mo yà títí dé ibi tí òkú ti sọ̀rọ̀. Ó ní kí n dá a padà sẹ́yìn. Ó tún wò ó, ó gbé ìgò sílẹ̀.

"Ìborí yìí kò bá mi mu. Dá Stoimen padà sínú pósí, kó tún béèrè. Mo ń lọ mú èyí tó dára wá."