Bàbá Wá Wo Ọ̀gbẹ́ni Tosh

Lorne ń mu tíì lọ́wọ́ nígbà tí ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin, Una, pè é láti Port Glasgow.

"Lorne, bàbá ní àwọn ń bọ̀ wá wo eré yín lọ́jọ́ Ẹtì."

"Bàbá wo?"

"Mélòó la ní?"

Lorne gbé ife tíì kalẹ̀.

Ọmọ ọdún méjìléláàádọ́ta ni Lorne Rankine. Láti ọmọ ogún ọdún ló ti pa iṣẹ́ omi-ẹ̀rọ tì, tó ń pa àwọn èèyàn lẹ́rìn-ín káàkiri ilé ọtí ìlú Greenock. Tẹlifíṣọ̀n wá ń fún un ní ipa wẹ́wẹ́, ọlọ́pàá lónìí, dókítà lọ́la, títí tó fi pé ogójì ọdún tí wọ́n ní kó wá ṣe Ọ̀gbẹ́ni Tosh, bàbá òǹrorò kan tó ń kan ọkọ̀ ojú omi. Gbogbo Scotland ló ń fi Tosh rẹ́rìn-ín. Lójú Lorne, Una nìkan ló mọ̀ pé bàbá àwọn gan-an ni: bó ṣe ń wúkọ́ kó tó wọlé, bó ṣe ń tiro, bó ṣe ń rọra tú bẹ́líìtì. Bọ́ọ̀lù nìkan ni bàbá ń wò, ohun tó ń kó Lorne yọ nìyẹn.

Lọ́jọ́ Ẹtì, Senga tó ń kùn ún lójú ń rojọ́.

"Ẹ̀yin ọkùnrin yìí, ẹ̀ ń làágùn, àtíkè ò dúró!"

"Ooru iná ni."

"Wọn ò tíì tanná."

Bó ṣe jáde sójú agbo níbi tí wọ́n ti ń ya eré náà níwájú èrò ìwòran, ó rí bàbá ní ìlà kẹta, fìlà lórí orúnkún. Tosh wúkọ́ lẹ́nu ọ̀nà. Ọmọ Tosh nínú eré, géńdé tó ti gbéyàwó, sáré kó sábẹ́ tábìlì. Ẹ̀rín sọ. Bàbá ò rẹ́rìn-ín. Lorne ṣi ọ̀rọ̀ sọ, olùdarí sì ní kí wọ́n tún un ṣe. Ẹ̀ẹ̀mẹta ló wú ikọ́ bàbá rẹ̀ lójú bàbá rẹ̀.

Lẹ́yìn eré, bàbá fi ọ̀pá kan ilẹ̀kùn yàrá tí Lorne ti ń múra, ó sì wọlé. Kí Lorne tó mọ̀, ó ti dìde, ó káwọ́ sẹ́yìn bí ọmọ iléèwé.

"Jókòó. Ta ni Tosh yẹn?"

Irọ́ dé etí ètè rẹ̀, kò jáde. "Ẹ̀yin ni, bàbá."

"Mo mọ̀. Ọdún kẹfà rèé tí wọ́n ti ń pè mí ní Tosh nílé ọtí."

Bàbá na ọwọ́ síbi ìbàdí. Lorne yára fi apá bo orí. Áńkáṣíìfù ni bàbá fà yọ lápò.

"Géńdé tó kó sábẹ́ tábìlì yẹn, ṣé ìwọ náà máa ń kó síbẹ̀?"

"Una ló ń kó síbẹ̀. Inú kọ́bọ́ọ̀dù lèmi ń kó sí."

Bàbá fun imú, ó pẹ́ lórí ẹ̀. "N ò mọ̀ pé kọ́bọ́ọ̀dù yẹn gba èèyàn."

Kò tọrọ àforíjì. Ó ní òun fẹ́ jẹ ẹja díndín àti ọ̀dùnkún kóun tó lọlé. Lórí àtẹ̀gùn, ó di apá Lorne mú nítorí ẹsẹ̀ rẹ̀. Ọwọ́ náà fúyẹ́, síbẹ̀ ara Lorne le gbagidi títí wọ́n fi dé ìsàlẹ̀, níbi tí Una ti ń dúró.

"Kí ni wọ́n sọ?" Una rọra bi í.

"Wọ́n ní ebi ń pa àwọn."