Omi Tí Wọ́n Gbé Wá fún Igi

“Ẹ dà á sínú táǹkì, ìyá. Gbogbo rẹ̀ pátá.”

Ìyá Ìdí-Igi gbá àpò ajílẹ̀ òyìnbó mọ́ àyà bí ẹni gbé ọmọ ọlọ́mọ. Kò dà á, kò sì sọ ọ́ kalẹ̀. Láti ìgbà tí ọkọ rẹ̀ ti kú ni ó ti jogún ìtọ́jú àwọn igi ibòòji tí wọ́n tò lọ láti ẹnubodè ilé-iṣẹ́ náà dé ẹnu ọ̀nà àwọn ọ̀gá. Níbi tí ẹ̀ka bá nà dé ni ó máa ń gbẹ́ yàrà yí igi ká, á bu ajílẹ̀ sí i níwọ̀nba, á sì fi koríko gbígbẹ bò ó. Kò sí ẹni tó ní kó da ajílẹ̀ sínú táǹkì rí.

“Ọ̀gá, ṣé a ò ní bù ú sí ìdí igi bí a ti ń ṣe é?”

Alábòójútó ọgbà rẹ́rìn-ín músẹ́. “Àwọn ará ẹ̀yìnkùlé yín ń jí omi yìí pọn, omi tí a fi ọkọ̀ gbé wá nítorí igi! Àlejò pàtàkì ń bọ̀ lọ́sàn-án òní, abẹ́ igi wọ̀nyí ni wọn yóò jókòó sí. Ẹ dà á sí i. Igi á jẹun, olè á jìnnà. Ẹni tó bá wù kí ewé hù lórí òun, kó wá bu ún mu.” Ó sì fi ẹ̀rín ara rẹ̀ gbe àwàdà náà lẹ́sẹ̀.

Ẹ̀rọ omi ilé àwọn òṣìṣẹ́ ti gbẹ láti ìbẹ̀rẹ̀ ẹ̀ẹ̀rùn. Nínú táǹkì yìí ni gbogbo ilé ti ń yọ́ pọnmi. Nínú rẹ̀ náà ni ìyá ti ń pọn èyí tó fi ń po mílíìkì fún ọmọ-ọmọ rẹ̀, jòjòló tí ìyá rẹ̀ kú lórí ìkúnlẹ̀. Ìyàwó télọ̀ tó múlé tì í ló ń bá a gbé ọmọ náà lọ́wọ́ báyìí, òun ni yóò sì wá pọnmi bí ojú ẹ̀ṣọ́ bá kúrò.

“Bí ọmọdé bá wá mu ún ńkọ́, sà?”

“Ọmọ ta?”

Ìyá tú ẹnu àpò náà. Bí ó bá ní “ọmọ mi,” ó jẹ́wọ́ olè nìyẹn. Iṣẹ́ lọ, yàrá tó bá iṣẹ́ wá náà lọ, òun àti ọmọ di ará ìta.

“Mo kàn ní kí n béèrè ni.”

Ó dà á. Ajílẹ̀ náà yòrò bí iyọ̀, omi sì mọ́ gaara bíi ti tẹ́lẹ̀. Ìyẹn gan-an ló bà á lẹ́rù.

“Ọ̀gá, ẹ jẹ́ kí n sáré délé.”

“Bí ẹ bá délé, ìyá, ẹ kúkú jókòó síbẹ̀.”

Ó gbé rọ́bà gígùn tí wọ́n so mọ́ ẹ̀rọ táǹkì. Bí kò bá lè lọ, yóò tú omi náà dànù sí ìdí igi tán kí ìyàwó télọ̀ tó dé. Ó ń bomi rin ín bí ẹni ń paná, títí alábòójútó fi wá ti ẹnu ẹ̀rọ pa.

“Ẹ fẹ́ pa wọ́n ni? Àpọ̀jù ajílẹ̀ máa ń jó gbòǹgbò! Ó tó bẹ́ẹ̀. Ẹ lọ gbá ewé lọ́hùn-ún.”

Oòrùn ti kan àtàrí kí wọ́n tó yọ̀ǹda rẹ̀. Ìyàwó télọ̀ pàdé rẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà pẹ̀lú ọmọ náà lápá.

“Ìyá, mílíìkì tó mu ló bì, ó wá rọ wọ̀ọ̀. Ẹ wo ètè rẹ̀!”

Ètè náà ti dúdú bí èyí tí wọ́n rẹ láró.

“Omi wo lo fi pò ó?”

“Omi wa náà ni. Mo jùwọ́ sí yín nígbà tí ẹ ń gbálẹ̀, ẹ ò rí mi. Mo sì sè é dáadáa, ìyá, ó hó.”

Ìyá gba ọmọ, ó ki eré mọ́lẹ̀. Abẹ́ igi ni ọ̀nà tó yá dé títì, ṣùgbọ́n àlejò ti jókòó. Ẹ̀ṣọ́ na apá méjèèjì dí i lọ́nà.

“Ìyá mi, ẹ dákun, ẹ gba ẹ̀yìn. Wọ́n ní ẹnikẹ́ni ò gbọdọ̀ kọjá.”

“Ọmọ ń kú lọ!”

“Mo rí i.” Ẹ̀ṣọ́ gbójú kúrò lára ọmọ náà. “Wọn á lé mi dànù, ìyá.”

Lọ́hùn-ún, alábòójútó ń fi ọwọ́ júwe ẹ̀ka fún àlejò, àlejò sì ń mi orí.

Ìyá yí padà. Ó tọ ẹ̀yìn ọgbà, ó gba ẹ̀gbẹ́ ààtàn, ó yí gbogbo ògiri ilé-iṣẹ́ náà po, ó ń pe ọmọ náà lórúkọ tí òun nìkan ń pè é. Nígbà tí ó yọ sí títì, ó bọ́ sáàárín ọ̀nà, ọkọ̀ kan sì dúró gìrì níwájú rẹ̀.

“Ilé ìwòsàn,” ni ó wí. “Ilé ìwòsàn, ọmọ mi, jọ̀ọ́.”

Awakọ̀ wo àyà ọmọ náà tí kò lọ sókè sódò mọ́, ó wo ojú ìyá, ó sì rọra pa ẹ́ńjìnnì ọkọ̀ rẹ̀.